A Sọ Pé A Kò Mọ Bàbá Ààlà

Ẹ̀rù ń bà mí pé bí mo bá kú sí Barking níbí, ní ìlú òyìnbó, àwọn ọmọ mi méjèèjì kò ní mọ ohun tí wọn yóò sọ fún ẹni tó bá wá bèèrè mi. Ẹ má rẹ́rìn-ín. Bàbá kan kú ní Marks Gate ní oṣù kejì ọdún yìí. Ó lo ọjọ́ mọ́kànlá nínú ilé kí ẹnikẹ́ni tó ṣílẹ̀kùn, wọ́n sì sin ín ní aago mẹ́sàn-án àárọ̀ ọjọ́ Ìṣẹ́gun kan láìsí ẹnì kan tó mọ̀ ọ́n létí kòtò. Kì í ṣe pé wọn kò wá bèèrè rẹ̀ kí wọ́n tó sin ín o. Wọ́n bèèrè lọ́wọ́ ìjọ, wọ́n bèèrè lọ́wọ́ Ẹgbẹ́. A ní a kò mọ̀ ọ́n. Èmi gan-an ni mo gbé fóònù ìjọ lọ́jọ́ náà.

Ẹ kú ilé, ẹ kú iṣẹ́. Alága wa, Ọ̀gbẹ́ni Múyìwá, àti gbogbo ìgbìmọ̀ Ẹgbẹ́ Ìmọ́lẹ̀ Àṣà, ẹ̀yin ni mo ń kọ̀wé sí. Mo bẹ olóòtú pé kó gbé e sójú ìwé ìròyìn yìí kí gbogbo èèyàn lè kà á, nítorí mo ti bá yín sọ ọ́ lẹ́nu, mo ti fi ránṣẹ́ lórí fóònù, n kò rí èsì gbà. Orúkọ mi ni Ìbíyẹmí. Ìyá Ayọ̀ lẹ mọ̀ mí sí. Ìwé mẹ́wàá péré ni mo kà, torí náà bí mo bá ṣi ọ̀rọ̀ tò, ẹ fi orí jì mí. Ohun tó wà nínú rẹ̀ ni kí ẹ dáhùn.

Bàbá tí mò ń sọ yẹn, Bàbá Ààlà ni.

Mo mọ̀ pé ìgbà àkọ́kọ́ tí ọ̀pọ̀ nínú yín máa gbọ́ nìyí. Ìwé ìpolówó Ọjọ́ Àṣà tí Ẹgbẹ́ lẹ̀ mọ́ ojú ṣọ́ọ̀bù káàkiri East Street ṣì wà níbẹ̀ títí di àná. Ó ní, "Bàbá Ààlà yóò pìtàn fún àwọn ọmọdé ní aago méjì ọ̀sán." Ọjọ́ tí ìwé yẹn jáde, Bàbá Ààlà ti lo ọ̀sẹ̀ márùn-ún nínú ilẹ̀. Ta ló gbà fún yín pé òun ń bọ̀? Ta ló pè é tó sì gbọ́ ohùn rẹ̀? Ẹnikẹ́ni kò pè é. Ẹ kàn kọ orúkọ rẹ̀ síbẹ̀ bí ẹni tó kọ ọ́ pé àga yóò wà, omi mímu yóò wà.

Fún ẹ̀yin tí ẹ kò bá a pàdé rí, òǹkọ̀wé ni. Ìmẹ̀kọ ni wọ́n bí i sí, níbi tí ààlà ti pín ilẹ̀ wa sí méjì, Nàìjíríà lápá kan, Bẹ̀nẹ̀ lápá kejì. Nígbà tó wà lọ́mọdé, ẹ̀yìn ilé bàbá rẹ̀ ni àwọn fàyàwọ́ ń gbà kọjá pẹ̀lú ẹrù lórí kẹ̀kẹ́, tí wọ́n ń sá fún kọ́sítọ́ọ̀mù. Àwọn ìgárá wà nínú igbó náà pẹ̀lú, tí ń dá àwọn fàyàwọ́ fúnra wọn lọ́nà. Gbogbo ìlú ló ń fi wọ́n kọrin. Eléyìí, ọta ìbọn kì í wọ ara rẹ̀. Tọ̀hún, bó bá rí ọlọ́pàá, á di atẹ́gùn. Ogójì ọdún ni Bàbá fi tọpa àwọn èèyàn wọ̀nyí. Ìwé mẹ́rin ló kọ nípa wọn, ní Yorùbá tó já geere. Ibí yìí ló ti kọ mẹ́ta nínú rẹ̀, lórí tábìlì ilé ìdáná ní Marks Gate, nígbà tó ń ṣe sẹ̀kúríìtì ní Vicarage Field. Á ti dúró látàárọ̀ dìrọ̀lẹ́ níwájú ṣọ́ọ̀bù tí ó ń ṣọ́ kí wọ́n má jí bàtà, á wá wọ bọ́ọ̀sì lọ sílé lọ máa kọ̀wé nípa olè. Òun fúnra rẹ̀ máa ń fi í ṣẹ̀fẹ̀.

Ẹ jẹ́ kí n sọ bó ṣe máa ń ṣe é, nítorí ọ̀rọ̀ tó wà níwájú wa yìí dá lé e lórí. Ìwé tí àwọn ọmọ iléèwé fi ń kọ iṣẹ́ kíláàsì ni ó ń lò, aláwọ̀ pupa. Ojú ewé ọ̀tún ni yóò kọ ìtàn sí bí àwọn èèyàn bá ṣe sọ ọ́, kò ní yọ ohunkóhun kúrò, ìbáà jẹ́ irọ́ tó bani lẹ́rù. Ojú ewé òsì, á fi í sílẹ̀ lófo. Lẹ́yìn náà ni yóò wá òtítọ́ rẹ̀ lọ. Á pe kọ́sítọ́ọ̀mù tó ti fẹ̀yìn tì. Á pe opó. Á pe ẹni tó ta kẹ̀kẹ́ fún wọn. Ó lè gba ọdún kan, ó lè gba mẹ́jọ. Ohun tó bá rí ni yóò kọ sí ojú ewé òsì. Kò sì ní gbà pé ìtàn ẹnì kan ti parí àfi bó bá mọ ibi tí wọ́n sin ín sí.

Mo bi í nípa ìyẹn lẹ́ẹ̀kan, nígbà tí a jọ ń dúró de bọ́ọ̀sì 62.

"Bàbá, kí lẹ fẹ́ fi sàréè olè ṣe?"

"Ìyá Ayọ̀, ẹni tí wọn ò bá mọ sàréè rẹ̀, wọn á ní ó fò lọ ni. Èèyàn kì í fò. Ẹnì kan ló gbẹ́ ilẹ̀, ẹnì kan ló sunkún. Ẹni tó sunkún yẹn ni mò ń wá."

"Bí kò bá sí ẹni tó sunkún ńkọ́?"

"Mi ò tíì rí irú ẹ̀," ló wí. Bọ́ọ̀sì dé, a wọlé.

Ó wá rí irú ẹ̀ báyìí. Ẹni tó wá ẹkún kiri fún àwọn adánilọ́nà, àwa tí à ń wọ funfun ní Sọ́ńdè la fi í sílẹ̀ láìsí ẹkún. Ṣé ẹ rí i bó ṣe rí? Dávídì Ìlárá, tó ja èèyàn lólè fún ogún ọdún lójú ọ̀nà igbó, èèyàn mẹ́tàdínlógójì ló sìnkú rẹ̀. Bàbá ka iye wọn, ó kọ ọ́ sínú ìwé rẹ̀ kẹta, ojú ewé kẹrìndínláàádọ́rùn-ún. Èèyàn mélòó ló sin Bàbá Ààlà? Àwọn mẹ́rin tó gbé pósí, nítorí iṣẹ́ wọn ni, àti obìnrin òyìnbó kan.

Báwo ló ṣe wá jẹ́ pé odidi ìjọ àti odidi Ẹgbẹ́ ní àwọn kò mọ̀ ọ́n? Kò sí ìkórìíra níbẹ̀. Ọ̀wọ̀ ni. A kì í pe àgbà lórúkọ, ẹ̀yin náà mọ̀. Ìyá Ayọ̀ ni wọ́n ń pè mí láti ọdún tí mo ti bí Ayọ̀. Nígbà tí Bàbá kọ́kọ́ wá sí ìjọ wa, ẹnì kan bi í pé níbo ló ti wá, ó ní ẹnu ààlà. Ó di Bàbá Ààlà lọ́jọ́ náà, ó sì parí síbẹ̀. Bàbá Ààlà ló wà nínú ìwé orúkọ ìjọ. Bàbá Ààlà ló wà lórí fóònù mi. Ìwé ẹ̀yẹ tí Ẹgbẹ́ fún un, tí ó fi sínú férémù tí ó gbé kọ́ sára ògiri, Bàbá Ààlà ni ẹ fi wúrà kọ sórí rẹ̀. Ọmọ ogún ọdún kan kò ní lanu bi ẹni ọdún méjìdínlọ́gọ́rin pé kí lorúkọ yín gan-an. Èmi tí mo ti lé ní ọgọ́ta, n kò bi í.

Nígbà tí fóònù ìjọ wá dún ní ìparí oṣù kejì, ọjọ́ Wẹ́sídeè ni, mo ń tọ́jú àga lẹ́yìn ìsìn àwọn obìnrin. Obìnrin kan ni. Ó ní Catherine ni òun ń jẹ́, pé ọ̀dọ̀ àwọn tó ni ilé ni òun ti ń pè. Ó ní àwọn ń wá ẹbí tàbí ọ̀rẹ́ Ọ̀gbẹ́ni Jonah Olúbọ̀dé. Ó pè é dáadáa, n kò ní purọ́ mọ́ ọn. Mo ní kó dúró díẹ̀. Mo bi Ìyá Àdúrà tó ń ká aṣọ pẹpẹ lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi.

"Ṣé a ní Jonah níbí?"

"Jonah wo? Èyí tí ẹja gbé mì?"

Ó rẹ́rìn-ín. Èmi náà rẹ́rìn-ín. Mo gbé fóònù padà sétí, mo ní má bínú o, a kò ní ẹni tó ń jẹ́ bẹ́ẹ̀. Ó dúpẹ́. Kò tó ìṣẹ́jú méjì. Tìmùtìmù tí Bàbá máa ń fi jókòó wà lórí àga rẹ̀ lẹ́bàá fèrèsé, mo gbé e kúrò kí n lè gbálẹ̀ ìdí rẹ̀, mo sì dá a padà. A ti ń wí láàárín ara wa pé ó jọ pé Bàbá ti lọ sílé, nítorí ó ti ní òun fẹ́ dé Ìmẹ̀kọ bí òtútù bá rọ̀. Ọ̀rọ̀ yẹn tẹ́ wa lọ́rùn. Nígbà tí ẹnì kan kò bá sí níjókòó, tí ẹ bá ti rí ibì kan fi sọ́kàn pé ó lọ, ẹ kò ní máa wá a mọ́.

Lẹ́tà ni wọ́n kọ sí Ẹgbẹ́ ní tiyín. Àdírẹ́sì yín wà nísàlẹ̀ ìwé ẹ̀yẹ inú férémù yẹn. Akọ̀wé wa, Ọ̀gbẹ́ni Jésùfẹ́mi, fèsì láàárín ọjọ́ mẹ́ta pé àwọn ti yẹ ìwé orúkọ wò, kò sí ọmọ ẹgbẹ́ tó ń jẹ́ bẹ́ẹ̀. Catherine fi hàn mí. Lẹ́tà tó mọ́ ni, àmì Ẹgbẹ́ wà lókè, ìfọwọ́sí wà nísàlẹ̀. Tẹ́ ẹ bá máa ń yára bẹ́ẹ̀ ṣe nǹkan gbogbo, mi ò bá tí kọ ìwé yìí.

Mo gbọ́ ohun tí àwọn kan máa sọ, pé báwo la ṣe fẹ́ mọ orúkọ tí kò sọ. Ó sọ ọ́. Ó sọ ọ́ lẹ́ẹ̀mẹrin. J. T. Olúbọ̀dé ló wà lẹ́yìn ìwé kọ̀ọ̀kan, lẹ́tà rẹ̀ tóbi ju àtàǹpàkò mi lọ. Ìwé rẹ̀ kan wà nílé mi láti ọdún méjìlá, láàárín Bíbélì ọkọ mi àti fọ́tò ọjọ́ tí Wúrà gboyè. Mo máa ń nu eruku orí rẹ̀ ní Sátidé. Mo sọ fún Bàbá pé mo ti kà á, pé ó dùn. N kò kà á, àfi lẹ́yìn ikú rẹ̀. Ẹ̀yin ìgbìmọ̀ ńkọ́? Gbogbo yín lẹ ní in nílé, ẹ jẹ́wọ́ rẹ̀ fún mi. Ẹ fi àwọn ọmọdé ṣe eré Dávídì Ìlárá lórí ìtàgé lọ́dọọdún, ẹ ń pè é ní ìtàn àtayébáyé. Àtayébáyé kọ́. Bàbá kan ló fi ẹsẹ̀ ara rẹ̀ wá a, tó fi oorun ojú rẹ̀ san án. Ẹ gba ìtàn, ẹ kò gba ẹni tó ni ín.

Sátidé àkọ́kọ́ nínú oṣù karùn-ún ni mo tó mọ̀. Mo se ẹ̀bà àti ọbẹ̀ ilá fún un, mo ní bó bá ti dé láti ilé, ara rẹ̀ kò ní tíì mọ́lé. Mo wọ 62 dé òpin. Ẹlòmíràn ló ṣílẹ̀kùn fún mi, obìnrin tó gbé ọmọ sẹ́gbẹ̀ẹ́. Aládùúgbò tó kọjú sí i, Abdullah, ló jáde wá bá mi lórí àtẹ̀gùn. Òun ni ó ké sí àwọn tó ni ilé lóṣù kejì nígbà tí kò rí Bàbá kó jáde lọ sí ibùdókọ̀.

"Ṣé láti ṣọ́ọ̀ṣì ni ẹ ti wá, Màmá?"

Mo ní bẹ́ẹ̀ ni.

"Wọ́n bi mí bóyá ó ní èèyàn. Mo ní ó ní wọn dáadáa, wọ́n pọ̀, Sọ́ńdè gbogbo ló ń wọ funfun lọ bá wọn." Ó wo ìkòkò ọwọ́ mi. "Mo rò pé ẹ ti sin ín ni."

Kò bá mi wí. Ìbá bá mi wí, ìbá sàn.

N kò fẹ́ kí ẹ rò pé àwa nìkan ni mo ń bá jà. Bàbá ní ẹni tó ń wá yẹ̀ ẹ́ wò lẹ́ẹ̀mejì lọ́sẹ̀, torí ọkàn rẹ̀ tí ń yọ ọ́ lẹ́nu, àti torí pé láti ìgbà tí ìyàwó rẹ̀ ti kú, tí wọn kò sì bímọ, òun nìkan ló kù. Ní oṣù kọkànlá, ọ́fíìsì tó ń rán ẹni náà wá kọ̀wé sí i pé àyẹ̀wò fi hàn pé kò nílò rẹ̀ mọ́. Bàbá fi lẹ́tà náà hàn mí. Mo ní ká dúpẹ́, ó túmọ̀ sí pé ara yín le. Ta ló yẹ̀ ẹ́ wò? Kò sẹ́ni tó fojú kàn án. Fọ́ọ̀mù ni wọ́n yẹ̀ wò. Wọ́n fún un ní nọ́ńbà kan pé kí ó máa pè bí nǹkan bá ṣẹlẹ̀. Báwo ni ẹni tó ṣubú sí àárín ìdáná àti bàlùwẹ̀ ṣe ń pe nọ́ńbà? Èmi náà kì í sì í ṣe ẹni tó lè fi gbogbo ẹnu bi wọ́n, nítorí èmi ni mo ní ká dúpẹ́.

Catherine, ẹni tí iṣẹ́ rẹ̀ kò ju kó ti ìlẹ̀kùn pa, òun ló lọ sí ibojì. Mo lọ bá a ní ọ́fíìsì rẹ̀. Ó ní òjò ń rọ̀ lọ́jọ́ náà, òun kò mọ orin wa kankan, òun kàn dúró títí wọ́n fi parí. Òun náà ló ṣe ohun kan tí ó jẹ́ kí n máa kọ̀wé sí yín lónìí. Nígbà tí wọ́n ń kó ilé jáde, ó rí ìwé iléèwé pupa méje lórí tábìlì ìdáná, ó ní kí wọ́n má kó wọn dà nù pẹ̀lú àga àti bẹ́ẹ̀dì. Ó gbé wọn lọ sí yàrá ìkẹ́rùsí wọn.

Ìwé karùn-ún Bàbá nìyẹn. Hùmúàní ló kọ ọ́ lé lórí, obìnrin tí wọ́n ní ó kó ọgọ́rùn-ún kẹ̀kẹ́ gba igbó Ìmẹ̀kọ kọjá lójú kọ́sítọ́ọ̀mù tí ẹyọ kan kò dún. Ọdún méjìlá ni Bàbá fi wá a. Gbogbo àwọn tó kọ́kọ́ bi léèrè ló ní ó fò wọ inú ìrókò. Ní ọdún tó kọjá, kété kí òtútù tó mú, ó dá mi dúró lẹ́nu ọ̀nà ìjọ.

"Ìyá Ayọ̀, mo ti rí i."

"Ta lẹ rí, Bàbá?"

"Hùmúàní. Mo ti mọ ibi tó wà. Ọmọ rẹ̀ obìnrin ló sọ fún mi, ẹni àádọ́rùn-ún ọdún. Ó ṣì ń sunkún lórí fóònù."

Mo ní ẹ ṣé, Bàbá, ẹ kú làálàá. Mo ń wá ẹ̀wù òtútù mi, bọ́ọ̀sì mi ń bọ̀. N kò bi í pé níbo. Ìyá arúgbó tó sọ fún un yẹn ti kú ní oṣù kẹta, mo ti wádìí. Nísinsìnyí, kò sí ibòmíràn lórí ilẹ̀ ayé tí a ti lè mọ ibi tí wọ́n sin Hùmúàní sí àyàfi nínú ìwé pupa wọ̀nyẹn, lójú ewé òsì.

Ọjọ́ kẹrìnlá oṣù kẹfà ni wọn yóò kó wọn dà nù. Oṣù mẹ́ta ni wọ́n máa ń tọ́jú ẹrù ẹni tó kú, Catherine kò lágbára láti fi kún un. Kò sì lè kó wọn fún mi. Bàbá lẹ bébà kan mọ́ inú ìwé àkọ́kọ́, ó kọ ọ́ lédè gẹ̀ẹ́sì kí ẹnikẹ́ni lè kà á, pé bí òun bá kú, kí wọ́n kó àwọn ìwé yìí fún Ẹgbẹ́ Ìmọ́lẹ̀ Àṣà ní Barking. Ẹ̀yin. Ẹ̀yin ló dárúkọ. Ohun tí wọ́n sì ń bèèrè kò ju lẹ́tà kan lọ láti ọwọ́ alága, pé Jonah Túbọ̀sún Olúbọ̀dé, ẹni yín ni, ẹ mọ̀ ọ́n, ẹ ó gba ìwé rẹ̀.

Mo wá bá yín níbi tí àwọn ọmọ ti ń kọ́ eré. Ẹ rántí, Alága. Àwọn ọmọ méjì ń jà lórí ẹni tí yóò ṣe Dávídì, kò sẹ́ni tó fẹ́ ṣe kọ́sítọ́ọ̀mù. Mo sọ fún yín pé Bàbá ti kú. Ẹ jókòó, ojú yín pọ́n, mo rí i, n kò sọ pé ẹ kò nífẹ̀ẹ́ rẹ̀. Mo wá sọ̀rọ̀ lẹ́tà.

"Ìyá Ayọ̀, akọ̀wé ti dá wọn lóhùn. Ó wà lákọsílẹ̀ lọ́dọ̀ wọn. Ṣé kí n wá kọ òmíràn pé a mọ̀ ọ́n? Wọn á ní irú ẹgbẹ́ wo nìyí."

"Irú tí a jẹ́ náà ni, sà."

"Ẹ má sọ ọ́ báyẹn. Àwọn ọ́fíìsì yìí ló ń fún wa ní gbọ̀ngàn. Ẹ jẹ́ ká ṣe Ọjọ́ Àṣà tán ná."

"Ọjọ́ kẹtàdínlógún ni Ọjọ́ Àṣà. Ọjọ́ kẹrìnlá ni wọn yóò da ìwé rẹ̀ nù."

"A ó dákẹ́ fún ìṣẹ́jú kan fún un lórí ìtàgé. Gbogbo èèyàn á dìde."

Mo ní kí ẹ fi ìṣẹ́jú kan yẹn fọwọ́ sí bébà. Ẹ ní ẹ máa pè mí. Ó ti tó ọ̀sẹ̀ mẹ́ta.

Kí ló ń dá yín dúró? Ìtìjú ni. Mo mọ̀ ọ́n, ó ń jẹ èmi náà. Èmi ti kọ tèmi. Mo kọ ọ́ sí Catherine pé èmi Ìbíyẹmí, mo mọ̀ ọ́n fún ọdún mẹ́rìnlélógún, wọ́n bi mí, mo ní n kò mọ̀ ọ́n. Mo kọ ọ́, mi ò sì kú. Ó kàn jẹ́ pé kì í ṣe orúkọ mi ni Bàbá kọ sínú ìwé rẹ̀.

Ẹ lè ní kí ló kàn mí tó báyìí. Ọdún tí ọkọ mi kú, ọmọ ọdún mẹ́rìndínlógún ni Ayọ̀mípọ̀sí, Ayọ̀ ọmọ mi. Ó ń bá àwọn ọmọ kan rìn. Wọ́n sọ ara wọn lórúkọ, wọ́n ní àdúgbò kan jẹ́ tàwọn, ẹnikẹ́ni kò gbọdọ̀ kọjá síbẹ̀. Mo gbààwẹ̀, mo pariwo, kò gbọ́. Bàbá Ààlà wá kí wa ní ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ kan, ó jókòó tì í lórí àga gígùn, ó bẹ̀rẹ̀ ìtàn Dávídì Ìlárá láìbi í ní nǹkan kan. Ọmọ mi gbé fóònù rẹ̀ sílẹ̀.

"Ọta ìbọn ò wọ ara ẹ̀? Swear down, Bàbá?"

"Bẹ́ẹ̀ ni wọ́n wí. Mo lọ bá opó rẹ̀. Ó ní ó wọ̀ ọ́ dáadáa, orúnkún ló bá. Ọdún mẹ́wàá ni obìnrin yẹn fi ń gbé e lọ sí ilé ìgbọ̀nsẹ̀."

Ayọ̀ yíjú sí i. "Wọn ò fi ìyẹn sínú orin?"

"Orin kì í bá wọn dé ilé ìgbọ̀nsẹ̀."

Kò fi àwọn ọ̀rẹ́ yẹn sílẹ̀ lọ́jọ́ kan ṣoṣo, n kò ní parọ́. Ṣùgbọ́n Sọ́ńdè tó tẹ̀ lé e, ó bá Bàbá lọ sí Marks Gate, ó ní òun fẹ́ rí ojú ewé òsì. Ó ń lọ síbẹ̀ bẹ́ẹ̀ fún ọdún méjì. Lónìí ó ń wa ọkọ̀ ojú irin, ó ní aya. Mo pè é lóṣù karùn-ún pé Bàbá ti kú. Ó ní, "Mum, ta ló wà níbẹ̀?" Mo sọ fún un. Ó tún bèèrè ẹni tó gbé fóònù ìjọ. Mo sọ ìyẹn náà. Kò pariwo. Ó ní ó dáa, òun á pè mí. Kò tíì pè. Ìdí rẹ̀ yé mi. Mo kàn ń wo fóònù ni, mo gbé e sórí ìrọ̀rí bí mo bá fẹ́ sùn, mo gbé e sẹ́gbẹ̀ẹ́ síńkì bí mo bá ń fọ abọ́.

Ẹ̀gbọ́n rẹ̀, Wúrà, wà ní Leeds. Mo pè é lọ́sẹ̀ tó kọjá.

"Wúrà, kí lorúkọ mi?"

"Mummy, kí ló ṣẹlẹ̀? Ṣé ara yín yá?"

"Ara mi yá. Kí ni wọ́n ń pè mí nílé bàbá mi?"

"Ìyá Ayọ̀?"

"Kí n tó bí Ayọ̀ ńkọ́? Kí n tó bí ìwọ gan-an?"

Mo gbọ́ tí ó mí. Ó ní òun wà níbi iṣẹ́, òun á pè padà. Mo gbé bébà, mo kọ orúkọ mi mẹ́ta sí i, ti bàbá mi, ti ìyá mi, ìlú mi, mo fi ránṣẹ́ sí àwọn méjèèjì. Mo mọ̀ pé mo ń yọ wọ́n lẹ́nu. Ìyá tí ọmọ rẹ̀ wà ní ìlú òkèèrè, kí ló tún fẹ́ fi ọ̀sán ṣe?

Ṣùgbọ́n tèmi lè dúró. Ti Bàbá kò lè dúró mọ́. Ẹ̀yin ìgbìmọ̀, ẹ jẹ́ kí n sọ ohun tí mo fẹ́ ní ṣókí. Mo fẹ́ kí Alága Múyìwá fọwọ́ sí lẹ́tà náà lórí bébà tó ní orúkọ Ẹgbẹ́. Mo fẹ́ kí akọ̀wé Jésùfẹ́mi sọ nínú rẹ̀ pé lẹ́tà àkọ́kọ́ kò tọ̀nà. Kí ẹ gbé e lọ fún Catherine lọ́wọ́, ẹ má fi sí póòsì. Bí ẹ kò bá sì ní ṣe é, ẹ jáde sí gbangba lójú ìwé ìròyìn yìí kí ẹ sọ ìdí rẹ̀ fún àwọn òbí tó ń mú ọmọ wọn wá kọ́ eré lọ́dọ̀ yín. Ẹ sọ fún wọn pé ẹ rí àyè fún olè orí ìtàgé, ẹ kò rí àyè fún ẹni tó kọ̀wé rẹ̀.

Bí ẹ kò bá mọ bí lẹ́tà náà yóò ṣe bẹ̀rẹ̀, kò le. Ẹ kọ "A mọ̀ ọ́n" sí ìlà àkọ́kọ́, èyí tó kù á wá fúnra rẹ̀. Ọjọ́ mẹ́jọ ló kù. Mo wà nílé láti aago mẹ́ta lójoojúmọ́, àdírẹ́sì mi wà lọ́wọ́ olóòtú. Ẹ dákun, ẹ kọ̀wé sí mi kíákíá.